Odó Tó Rìn Dé Festac

Bí ẹ bá fẹ́ bí mi nínú, ẹ máa sọ ìtàn Festac fún mi kí ẹ má sì dárúkọ oúnjẹ. Mo ti gbọ́ ìtàn náà títí, ó ti sú mi. Wọ́n á ní ìjọba ló kọ́ ọ, wọ́n á ní àwọn àlejò tó wá ṣe àjọ̀dún ló kọ́kọ́ gbé ibẹ̀, wọ́n á ní lẹ́yìn náà ni àwọn òṣìṣẹ́ ìjọba kó wọlé. Ó dáa, a ti gbọ́. Ta wá ló bọ́ àwọn tó po sìmẹ́ńtì? Ṣé ebi kì í pa bíríkìlà ni? Àbí ẹni tó ń ru kọnkéré gun àkàbà láti òwúrọ̀ dé ìrọ̀lẹ́, ẹ rò pé omi ẹ̀rọ ló ń mu sùn?

Èmi Ọ̀jẹ̀túndé, onítípà ni mí nígbà náà. Èmi ni mo ń kó yanrìn àti òkúta wọ ibẹ̀, mo sì mọ ẹni tó bọ́ mi. Àjíkẹ́ ni orúkọ rẹ̀, ọmọ Iléṣà. Ìyá Sìlífátù ni gbogbo wa ń pè é. Búkà rẹ̀ wà létí títì, bí ènìyàn bá ti Mazamaza bọ̀ tó fẹ́ wọ ibi tí a ti ń kọ́ ilé. Ìtàn rẹ̀ ni mo fẹ́ sọ. Ẹni tí kò bá tíì jẹun, kó kọ́kọ́ lọ jẹun, nítorí n kò ní í dúró dè é.

Ẹ jẹ́ kí n kọ́kọ́ sọ ohun tí búkà jẹ́, torí àwọn ọmọ ìsinsìnyí a máa pe ilé tí wọ́n gbé ẹ̀rọ amúlétutù sí ní búkà, ó sì máa ń yà mí lẹ́nu. Búkà ayé ìgbà náà, òpó mẹ́rin ni, páánù wà lórí rẹ̀, tábìlì gígùn kan wà láàárín, bẹ́ǹṣì pákó wà lọ́tùn-ún àti lósì, kọ́tìnì sì wà lẹ́nu ọ̀nà. Ẹ fi kọ́tìnì yẹn sọ́kàn o. Ẹni tó bá ti gba abẹ́ rẹ̀ kọjá ti di ẹni tí ará ìta kò rí mọ́. Ọ̀gá àti lébìrà lè fi èjìká kan èjìká nínú ibẹ̀, kò sì sí ẹni tí yóò lọ sọ nílé pé báyìí ni lágbájá ṣe ń lá ọwọ́. Ìwọ yóò wọlé, wàá kí olóúnjẹ, á bu tìrẹ fún ọ láti inú ìkòkò lójú rẹ, bí o bá sì mọ ọ̀rọ̀ sọ, á fi ọbẹ̀ díẹ̀ ṣe ènì. Èmi mọ ọ̀rọ̀ sọ.

Iyán ni Àjíkẹ́ ń tà, pẹ̀lú ẹ̀gúsí tó fi ìsápá sè. Àwọn àgbà ti sọ ọ́ tán: iyán ni oúnjẹ, ọkà ni oògùn, àìrí rárá là ń jẹ ẹ̀kọ. Kò sí ọmọ Iléṣà tí yóò bá yín jiyàn lórí ìyẹn. Ìyá rẹ̀ ló kọ́ ọ ní iyán gígún, obìnrin tó jẹ́ pé òun ló ń gúnyán fún àwọn alágbàṣe oko ní àdúgbò wọn. Nígbà tí Àjíkẹ́ fẹ́ Àmúsà, bíríkìlà ará Ìkìrun, ìyá yìí kò fún un ní wúrà, kò fún un ní ìlẹ̀kẹ̀. Odó ló fún un, odó igi líle kan tí ọkùnrin méjì gbọ́dọ̀ pawọ́ pọ̀ kí wọ́n tó lè gbé e.

Odó yìí rìn, ọ̀rẹ́ mi. Nígbà tí wọ́n ń ṣe ìdídò Kainji, agbaṣẹ́ṣe kó Àmúsà lọ síbẹ̀, ìyàwó rẹ̀ bá gbé odó sínú lọ́rì, ó tẹ̀ lé e. Ibẹ̀ ló ti kọ́kọ́ pa búkà. Nígbà tí iṣẹ́ tán níbẹ̀, wọ́n tú búkà palẹ̀, odó wọ lọ́rì, ó di Ìbàdàn, níbi tí wọ́n ti ń kọ́ ilé àwọn akẹ́kọ̀ọ́. Ìyẹn náà tán. Odó tún wọ lọ́rì, ó di Èkó, lẹ́bàá ibi tí wọ́n ti ń ṣe afárá. Ibi tí iṣẹ́ bá wà ni búkà ń lọ. Bí ẹ bá rí ìlú ńlá kankan, kí ìpìlẹ̀ ilé ibẹ̀ tó gbẹ, ààrò olóúnjẹ ti wà nílẹ̀. Àmọ́ bí ilé bá ti parí báyìí, a kì í rí ìkòkò náà mọ́. Sìlífátù, ọmọ kan ṣoṣo tí wọ́n bí, ọ̀dọ̀ ìyá àgbà ní Iléṣà ni wọ́n fi í sí, nítorí kò sí ilé ìwé nínú lọ́rì.

Lọ́jọ́ kan tí mo ń jẹun lọ́wọ́, Àjíkẹ́ dúró lẹ́nu ọ̀nà, ó ń wo ilé alájà mẹ́ta kan tí wọ́n ń rẹ́ lódì kejì títì.

"Bọ̀dá onítípà," ó ní, "mo ti se oúnjẹ fún ilé tó pọ̀, mi ò tíì rí onílé kan rí. Ìgbà tí wọ́n bá ń kó bẹ́ẹ̀dì wọlé, èmi ń kó ìkòkò jáde."

Mo ní kó má ṣe ìyọnu, pé Ọlọ́run ń bẹ. Ohun tí ẹnu mi gbà náà nìyẹn, nítorí ẹran wà lẹ́nu mi. Ṣùgbọ́n ọ̀rọ̀ náà wọ̀ mí lára.

Ní ìbẹ̀rẹ̀ ọdún 1977 ni àlejò dé sí Festac. A rí ènìyàn, a rí aṣọ, a rí ìran tí ojú wa kò rí rí. Nígbà tí àjọ̀dún parí, wọ́n lọ, àwọn bíríkìlà náà sì lọ. Títì náà dákẹ́. Àmúsà rí iṣẹ́ díẹ̀ ṣe ní Trade Fair títí ọdún fi fẹ́ẹ̀ parí, ìyẹn náà bá tán. Àṣé agbaṣẹ́ṣe tó ń gbé e káàkiri ti rí iṣẹ́ tuntun ní Bauchi, ó sì ránṣẹ́ pè é.

Ọdún 1978 ni àwọn òṣìṣẹ́ ìjọba ń kó wọlé lọ́wọ̀ọ̀wọ́. Lọ́rì ń gbé bẹ́ẹ̀dì bọ̀, ó ń gbé àga bọ̀, ó ń gbé fíríìjì. Ẹ ò bá rí Àjíkẹ́! Iwájú búkà ló máa ń dúró sí, tí yóò máa juwọ́ sí wọn: "Ẹ kú oríire o! Ilé á tù yín lára o!" Bí ẹni pé ẹ̀gbọ́n gbogbo wọn ni. Ìgbà àkọ́kọ́ nìyẹn tí yóò rí onílé.

Àmúsà kì í ṣe ènìyàn burúkú, ẹ má ṣì mí gbọ́. Ọkùnrin tó máa ń ro nǹkan wò ni. Ó jókòó ti ìyàwó rẹ̀ nírọ̀lẹ́ ọjọ́ kan, ojú mi ni.

"Àwọn tó ń kó wọlé yìí," ó ní, "wọ́n ní ìyàwó, wọ́n ní sítóòfù. Ta ni yóò tinú ilé bẹ́ẹ̀ jáde wá jẹun lábẹ́ páánù?"

"Wọ́n á wá, Bàbá Sìlífátù."

"Bí wọn ò bá wá ńkọ́?"

"Ẹ fún mi di ìgbà tí òjò bá dá. Mo fẹ́ mú ọmọ mi wá síbí. Ó rẹ̀ mí láti máa rìn."

Àmúsà gbà. "Ó dáa. Bí òjò bá dá tí búkà yìí ò bá lè bọ́ wa, a ó di ẹrù. Mi ò sì ní í gbọ́ àròyé nígbà náà."

Báyìí ni wọ́n ṣe àdéhùn, báyìí sì ni Àjíkẹ́ ṣe bẹ̀rẹ̀ àṣìṣe ńlá kan. Ó ti gbé oúnjẹ lọ sí ọ́fíìsì kan rí ní ìsàlẹ̀ Èkó, ó sì rí ibi tí àwọn òṣìṣẹ́ ìjọba ti ń jẹun níbẹ̀. Ó ní irú rẹ̀ gan-an ni òun yóò ṣe fún wọn. Ó ra aṣọ tábìlì olódòdó. Ó ra ṣíbí, ó ra fọ́ọ̀kì. Ó pe Káyọ̀dé tó ń kun ilé, ó ní kó kọ ọ́ lédè Gẹ̀ẹ́sì sára pátákó pé oúnjẹ ti délẹ̀. Lákòótán, ó yọ kọ́tìnì kúrò lẹ́nu ọ̀nà, kí gbogbo ayé lè rí bí inú búkà ṣe mọ́ tó.

Mo wọlé lọ́jọ́ tó ṣí i, mo rí fọ́ọ̀kì lẹ́gbẹ̀ẹ́ iyán.

"Ìyá Sìlífátù," mo ní, "iyán tí ẹ ti gún, kí la tún fẹ́ fi fọ́ọ̀kì gún nínú rẹ̀?"

"Ẹ fi sílẹ̀, Bọ̀dá onítípà. Kì í ṣe tiyín."

"Kọ́tìnì yín dà?"

"Kí la fẹ́ fi kọ́tìnì ṣe? Ṣé olè ni wọ́n tí wọ́n á fi máa fara pamọ́?"

Mo fa abọ́ mi mọ́ra. Ẹni tí obìnrin ń bọ́ kì í bá a jiyàn ní ibi oúnjẹ.

Kín ni ẹ rò pé ó ṣẹlẹ̀? Àwọn awakọ̀ ẹgbẹ́ mi rí aṣọ olódòdó lórí tábìlì, wọ́n ní ibẹ̀ ti di ti àwọn ọ̀gá, pé owó oúnjẹ á ti gbéra. Wọn kò tilẹ̀ bèèrè. Wọ́n wa ọkọ̀ kọjá lọ jẹun ní Mazamaza. Àwọn ọ̀gá tí ó tìtorí wọn ra fọ́ọ̀kì ńkọ́? Wọ́n ń kí i dáadáa, wọ́n ń rẹ́rìn-ín sí i, wọ́n sì ń kọjá lọ.

Ẹnì kan ṣoṣo ló wọlé nínú wọn, Fọláránmi, akọ̀wé ìjọba kan tó ń gbé fúláàtì ìsàlẹ̀ nínú ilé alájà mẹ́ta yẹn. Ó jókòó, ó na ọwọ́ sí iyán. Bó ṣe gbé òkèlè kejì sẹ́nu ni ìyàwó ọ̀gá rẹ̀ kọjá lójú títì, tó yíjú, tó rí i kedere. "Ẹ kú oúnjẹ o, Mísítà Fọláránmi!" Iyán há a lọ́fun. Ilẹ̀ ọjọ́ náà kò tíì ṣú tí gbogbo bílọ́ọ̀kù fi gbọ́ pé ìyàwó Fọláránmi kì í dáná fún ọkọ rẹ̀. Obìnrin náà kò bá ọkọ sọ̀rọ̀ fún ọ̀sẹ̀ kan. Láti ọjọ́ yẹn, bí Fọláránmi bá dé ọ̀gangan búkà, òdì kejì títì ló máa ń gbà.

Òjò dé, kò sí oníbàárà. Àwọn obìnrin méjì tó ń bá Àjíkẹ́ gúnyán wá ibòmíràn lọ. Èmi ń wá o, ṣùgbọ́n ikùn kan ṣoṣo ni mo ní. Mo máa ń bá obìnrin yẹn níbi tó jókòó sí, tí yóò máa nu fọ́ọ̀kì tí ẹnì kankan kò fi jẹun. Ó dùn mí dé ọkàn. Nígbà tí òjò ń tán lọ, Àmúsà fọ odó mọ́ tónítóní, ó dojú rẹ̀ délẹ̀ lẹ́yìn búkà, ó sì bẹ̀ mí pé kí n fi típà gbé ẹrù wọn dé Mazamaza ní ọjọ́ Àìkú kan tó máa bọ́ sí ìparí oṣù tó ń bọ̀, kí wọ́n lè bá lọ́rì Òkè Ọya lọ sí Bauchi. Mo ní mo gbọ́. Àjíkẹ́ wà níbẹ̀, ó ń fọ ìkòkò lọ. Ó ti ṣèlérí pé òun kò ní í ṣe àròyé.

Ọjọ́ Sátidé tó tẹ̀ lé e ni nǹkan ṣẹlẹ̀.

Ní òkè ilé alájà mẹ́ta òdì kejì ni ọkùnrin kan tó ń jẹ́ Olúgbóyèga ń gbé, òun àti Bernice ìyàwó rẹ̀. Ọmọ Adó-Èkìtì ni wọ́n. Ní ọjọ́ yẹn, ìyá Olúgbóyèga ti Adó dé láti wá wo ilé tuntun ọmọ rẹ̀, ó gbé iṣu titun dání. Ẹ̀yin náà ẹ gbọ́: ìyá ọkọ tó ti Èkìtì gbé iṣu titun wá, ta ni yóò gbé ẹ̀bà fún un? Bernice gbé odó kalẹ̀ láàárín ilé ìdáná, lókè pátápátá, ó sì bẹ̀rẹ̀.

Inú búkà ni mo wà. A kọ́kọ́ gbọ́ ọ gbì, gbì, gbì. Àjíkẹ́ gbé orí sókè. "Wọ́n ń gúnyán lórí kọnkéré," ó ní. Kò pẹ́ ni a gbọ́ igbe.

Beatrice ló ń gbé abẹ́ wọn, nọ́ọ̀sì ni, obìnrin jẹ́ẹ́jẹ́ tí a kò gbóhùn rẹ̀ rí. Iná òkè ilé ìdáná rẹ̀ ló já, gílóòbù rẹ̀ fọ́ sínú ìkòkò ìrẹsì tó ń hó. Ó gun òkè lọ pẹ̀lú ṣíbí ìrẹsì lọ́wọ́.

"Ìyá Káyọ̀dé, ẹ jọ̀ọ́, ṣé ẹ fẹ́ wó ilé lé wa lórí ni?" Báyìí ló ń pe Bernice, nítorí Káyọ̀dé ni àkọ́bí rẹ̀, òun náà ń jẹ́ orúkọ kan náà pẹ̀lú akunlé wa.

"Àǹtí Nọ́ọ̀sì, ẹ má bínú. Iyán lásán ni mo ń gún."

"Iyán lásán? Gíláàsì lọmọ mi ì bá jẹ lọ́sàn-án yìí!"

Àwọn ará fúláàtì jáde sórí àtẹ̀gùn. Ẹni tó ń gbé ìsàlẹ̀ pátápátá ní ògiri òun náà ti là níbi kan, wọ́n ní irọ́ ni. Ìyá Adó-Èkìtì bá yọrí sí wọn, ó gbé ọwọ́ lérí, ohùn rẹ̀ sì ju ti gbogbo wọn lọ.

"Irú ilé wo rèé tí wọn ò ti lè gúnyán! Ẹ̀yin tí ẹ ń pariwo yìí, kí lẹ̀ ń jẹ?"

Wọ́n ń wo ara wọn. Àṣé láti ìgbà tí wọ́n ti kó dé, kò sí ẹni tó fi iyán kan ẹnu nínú wọn. Ìyàwó Fọláránmi ní odó òun ni òun dojú rẹ̀ délẹ̀ sí ẹ̀gbẹ́ rédíò, tí òun gbé òdòdó lé. Ẹnì kan rẹ́rìn-ín, ṣùgbọ́n kò dùn mọ́ Bernice. Iṣu rẹ̀ ń tutù, ìyá ọkọ rẹ̀ dúró, ó sì ti fẹ́ẹ̀ bú sẹ́kún.

Kí n tó mọ ohun tó ń ṣẹlẹ̀, Àjíkẹ́ ti kọjá títì, ó ti wà nísàlẹ̀ àtẹ̀gùn.

"Ẹ jọ̀ọ́, ẹ̀yin ìyá, ẹ má bínú sí ara yín. Ẹ gbé iṣu náà sọ̀kalẹ̀ kó tó le. Odó wà lọ́dọ̀ mi. Orí ilẹ̀ ló wà, kò sí ẹni tó ń gbé abẹ́ rẹ̀."

Bernice gbé ìkòkò sọ̀kalẹ̀ lójú gbogbo wọn. Èmi àti Àjíkẹ́ la dá odó padà sídùúró. Ó fi omi ṣàn án, ó mú ọmọ odó kan, Bernice mú ìkejì, wọ́n kọjú síra wọn, wọ́n ń gún un lọ́kọ̀ọ̀kan. Ìyá Adó jókòó lórí bẹ́ǹṣì bí adájọ́. Nígbà tí wọ́n gbé e síwájú rẹ̀, ó fi ìka wá kókó títí, kò rí. Kò dúró kí wọ́n gbé e gòkè. Ibẹ̀ ló ti fi ọwọ́ jẹ ẹ́, pẹ̀lú ọbẹ̀ ìsápá Àjíkẹ́, ó sì ti fọ́ọ̀kì sẹ́gbẹ̀ẹ́ kan.

Ẹ̀yin rò pé ó tán síbẹ̀? Ní ọjọ́ Àìkú tó tẹ̀ lé e, lẹ́yìn ìsìn, ẹni tó kọ́kọ́ dé búkà ni Beatrice, nọ́ọ̀sì tí kò fẹ́ kí wọ́n wó ilé. Ó gbé ìkòkò iṣu bíbọ̀ sábẹ́ ìborùn. Ó wo ọ̀tún, ó wo òsì.

"Ẹ dákun, Ìyá Sìlífátù, ṣé kò sí kọ́tìnì níbí ni?"

Àjíkẹ́ dúró, ó wò ó. Lẹ́yìn náà ni mo rí i tó bú sẹ́rìn-ín, tó na ọwọ́ sábẹ́ tábìlì, tó fa kọ́tìnì àtijọ́ yọ. Ọwọ́ ara rẹ̀ ló fi so ó mọ́ ẹnu ọ̀nà. Mo bèèrè lọ́wọ́ rẹ̀ bóyá olè ni Àǹtí Nọ́ọ̀sì, ó ju aṣọ ìnuwọ́ lù mí.

Láti ìgbà náà ló ti di àṣà. Bí ṣọ́ọ̀ṣì bá ti tú báyìí, àwọn obìnrin á máa gbé ìkòkò sọ̀kalẹ̀ láti orí àtẹ̀gùn gbogbo. Nígbà tó yá, wọ́n ní kí ló dé tí àwọn ń dáná lókè kí àwọn tó sọ̀kalẹ̀. Wọ́n bẹ̀rẹ̀ sí í fi iṣu tútù ránṣẹ́ láàárọ̀, wọ́n á fi èédú kọ nọ́ńbà fúláàtì sára rẹ̀. Nígbà tí òórùn ìsápá sì ń gba ojú fèrèsé wọlé lójoojúmọ́, àwọn ọkọ náà bẹ̀rẹ̀ sí í yà lẹ́yìn iṣẹ́, wọ́n á tú táì, wọ́n á wọ abẹ́ kọ́tìnì. Mo rí ẹsẹ̀ kan lábẹ́ tábìlì lọ́jọ́ kan, mo mọ bàtà náà. Fọláránmi ni. Mo kí i kú oúnjẹ, ó bẹ̀ mí pé kí n rọra. Àwọn onítípà náà padà wá. Aṣọ olódòdó ti dọ̀tí nígbà náà, ẹ̀rù kò bà wọ́n mọ́.

Àmúsà nìkan ni ọkàn rẹ̀ kò tíì yí. Ó ń wo gbogbo rẹ̀, ó ń mi orí.

"Iyán wọn ni wọ́n wá gún," ó sọ fún mi. "Nǹkan tuntun ló ń yá wọn lára. Tó bá sú wọn, wọn ò ní í mọ̀ wá mọ́. Ó ti pẹ́ tí mo ti ń kọ́lé fún ènìyàn, Ọ̀jẹ̀. Mi ò rí ẹni tó rántí mi."

Òótọ́ ni ọ̀rọ̀ rẹ̀. Òjò ti dá, ọjọ́ Àìkú tí wọ́n dá sì ti kù fẹ́ẹ́rẹ́. Àjíkẹ́ ń gúnyán lọ, ṣùgbọ́n kò wo ojú ọkọ rẹ̀.

Ní ìrọ̀lẹ́ ọjọ́ Jímọ̀ ni Olúgbóyèga fúnra rẹ̀ sọ̀kalẹ̀ pẹ̀lú abọ́, kò wọ táì, síńgílẹ́ẹ̀tì ló wọ̀. Ó bá Àmúsà lórí bẹ́ǹṣì, ó dọ̀bálẹ̀ díẹ̀, nítorí Àmúsà jù ú lọ.

"Ẹ kú ìrọ̀lẹ́, sà. Ìyá Sìlífátù ní ẹ wà lára àwọn tó kọ́ àwọn ilé yìí."

"A wà níbẹ̀," Àmúsà dáhùn.

"Tiwa ńkọ́? Èyí tó wà lódì kejì yẹn?"

"Àjà kẹta? Èmi ni mo to bíríkì ibẹ̀, láti igun kan dé ìkejì."

Olúgbóyèga gbé abọ́ sílẹ̀. "Ẹ jọ̀ọ́, sà, ẹ dìde. Ẹ wá wò ó."

Mo tẹ̀ lé wọn. Wọn kò pè mí, àmọ́ èmi ni mo gbé yanrìn ilé náà wá, ẹ̀tọ́ mi ni. A gun òkè, a wọlé. Àga wà níbẹ̀, rédíò wà níbẹ̀, àwọn ọmọ ń ṣeré, ìyá Adó-Èkìtì na ẹsẹ̀ sórí ẹní. Àmúsà kò jókòó. Ó lọ tààrà sí igun pálọ̀, ó fi àtẹ́lẹwọ́ kan ògiri. Ibẹ̀ ni àwọn ọmọ ti fi pẹ́ńsùlù fa ìlà, láti fi wo bí wọ́n ṣe ń ga sí i. Olúgbóyèga fẹ́ máa tọrọ àforíjì nítorí ògiri tí wọ́n bà jẹ́. Àmúsà kò gbọ́ ọ. Ó ń wo àwọn ìlà náà láti ìsàlẹ̀ lọ sókè.

Ìyá Adó gbọ́ ẹni tó jẹ́, ó dìde jókòó. "Ìwọ lo kọ́ ọ? Ọwọ́ rẹ kò ní í kan ibi. Inú ilé tí o kọ́, ìwọ náà yóò rí irú rẹ̀ gbé." Ó ní kí wọ́n bu omi fún un mu.

A bẹ̀rẹ̀ sí í sọ̀kalẹ̀. Nígbà tí a dé ìdajì àtẹ̀gùn, ó dúró.

"Ọ̀jẹ̀, ṣé o rí i? Wọ́n ń gbé inú rẹ̀." Omi bọ́ lójú rẹ̀, kò sì nù ún.

Mo wa típà dé ní òwúrọ̀ ọjọ́ Àìkú náà, bí mo ṣe ṣèlérí. Inú mi bàjẹ́, n kò purọ́. Mo ti ń rò ó pé ibo ni n óò ti máa jẹun. Àjíkẹ́ ti di ìkòkò pọ̀, ó ti ká aṣọ tábìlì, ó jókòó lórí ẹrù, kò sunkún, kò rẹ́rìn-ín. Mo bèèrè ọkọ rẹ̀. Ó ní ó wà lẹ́yìn, níbi odó.

A jọ lọ wò ó. Àmúsà ti gbẹ́ ihò. Ó ti ki ìdí odó bọ inú rẹ̀ dé ìdajì, ó fi okùn wọ̀n ọ́n kó má ṣe fì sẹ́gbẹ̀ẹ́ kan, ó sì ń fi ọkọ́ po sìmẹ́ńtì lẹ́gbẹ̀ẹ́ rẹ̀ bí ẹni tí agbaṣẹ́ṣe dúró tì.

"Bàbá Sìlífátù! Kí lẹ̀ ń ṣe sí odó mi?"

Kò gbé ojú sókè. "Odó yìí ti rìn tó," ó ní.

Àjíkẹ́ jókòó sílẹ̀ nínú iyanrìn, ó sì sunkún, irú èyí tó ti ń dì mọ́ra láti Kainji. Èmi náà, mo wo ojú ọ̀run díẹ̀. Mo fẹ́ sọ fún Àmúsà pé igi inú sìmẹ́ńtì a máa jẹrà. N kò sọ ọ́. Ó padà jẹrà lóòótọ́, wọ́n pààrọ̀ rẹ̀, wọ́n tún pààrọ̀ rẹ̀, odó mìíràn ń bọ́ sínú ihò kan náà, Sìlífátù ọmọ wọn tó wá bẹ̀rẹ̀ ilé ìwé ní Festac lọ́dún tó tẹ̀ lé e sì ti gúnyán nínú rẹ̀ títí òun náà fi di ìyá. Àmọ́ ẹ jẹ́ kí n parí ti òwúrọ̀ yẹn.

Ẹkún náà kò pẹ́. Àjíkẹ́ ṣàdédé dìde, ó gbé ọwọ́ lé ìbàdí.

"Ọjọ́ Àìkú! Ọjọ́ Àìkú lẹ rí tí ẹ fi ri odó! Iṣu wọn ti wà nílẹ̀. Inú kí ni kí n ti gún un?"

Àmúsà dúró. Mo rí i lójú rẹ̀ pé kò rò ó débẹ̀. Ó wo sìmẹ́ńtì, ó wo odó, ó wá yíjú sí mi.

"Yanrìn yìí ò ní í tó," ó ní. "Ọ̀jẹ̀, lọ bá mi kó díẹ̀ wá."

Mo yí típà padà, mo lọ kó yanrìn. Nígbà tí mo fi dé, ṣọ́ọ̀ṣì ti tú, búkà ti kún, Àjíkẹ́ sì ti tú ìkòkò sílẹ̀, ó ń ro gààrí. Ẹ̀bà ni gbogbo wa jẹ lọ́jọ́ náà, títí kan ìyá Adó-Èkìtì, kò sì sí ẹni tó ráhùn.